Erik Løchen: Ará Norway tí fíìmù rẹ̀ ní ọgọ́fà ọ̀nà

Fíìmù méjì péré tí ó gùn tó èyí tí ènìyàn ń sanwó wọ ilé sinimá lọ wò ni Erik Løchen darí ní gbogbo ayé rẹ̀. Àkọ́kọ́ jáde ní ọdún 1959, èkejì jáde ní ọdún 1972. Nígbà tí ọlọ́jọ́ dé ní ọdún 1983, kò tíì pé ẹni ọgọ́ta ọdún. Ẹni tí ó bá fi iye iṣẹ́ wọn ènìyàn yóò sọ pé ọkùnrin yìí kò ṣe púpọ̀. Ṣùgbọ́n bí àwọn tí ó mọ̀ nípa fíìmù bá ń ka àwọn tí ó la ọ̀nà tuntun ní orílẹ̀-èdè Norway, orúkọ Løchen wà lára àwọn tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ dá.

Ọdún 1924 ni wọ́n bí i. Ilẹ̀ òkè, òkun àti òtútù ni Norway, ní àríwá Yúróòpù, àwọn ènìyàn ibẹ̀ kò sì pọ̀. Ní àkókò tí Løchen gbé fíìmù àkọ́kọ́ rẹ̀ jáde, bíi mílíọ̀nù mẹ́ta ààbọ̀ ni gbogbo wọn. Ọ̀dọ́langba ni nígbà tí àwọn ọmọ ogun Jámánì ya wọ ilẹ̀ wọn ní ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kẹrin, ọdún 1940. Ọdún márùn-ún gbáko ni wọ́n fi jẹ gàba lé Norway lórí. Løchen wà lára àwọn tí ó kọ̀ láti tẹrí ba, tí wọ́n ń bá Jámánì jà lábẹ́lẹ̀. Ọwọ́ tẹ̀ ẹ́. Orí kó o yọ, ogun sì parí ní ọdún 1945 tí ó ṣì wà láàyè.

Kí ó tó di ẹni tí a mọ̀ mọ́ fíìmù, orin jáàsì ni ó ń ṣe. Àwọn olórin jáàsì lè mú orin kan ṣoṣo, kí wọ́n sì máa yí i padà bí ó bá ṣe ń wá sí wọn lọ́kàn, tó fi jẹ́ pé orin tí wọ́n kọ lálẹ́ àná kò ní bá ti òní mu, bẹ́ẹ̀ orin kan náà ni. Ẹ fi èyí sọ́kàn, nítorí yóò wúlò níwájú.

Ní nǹkan bí ọdún 1950 ni òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ dá ilé-iṣẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní ABC-Film. Àwọn fíìmù kéékèèké ni wọ́n fi ń jẹun níbẹ̀, irú èyí tí ẹlòmíràn bá ní kí wọ́n bá òun ṣe. Iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò lókìkí, ṣùgbọ́n ibẹ̀ ni ọwọ́ ti ń mọ́ iṣẹ́. Ẹni tí wọ́n bá fún ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá láti fi ṣàlàyé ohun kan kò ní fi ìṣẹ́jú mẹ́ta ṣòfò.

Ó yẹ kí a mọ bí sinimá ṣe rí ní Norway nígbà náà, kí a tó mọ ohun tí ọkùnrin yìí ń bá wọ̀yá ìjà. Láti ọdún 1913 ni òfin ti wà níbẹ̀ pé ìjọba ìbílẹ̀ ni yóò máa fún ni ní ìwé àṣẹ láti fi sinimá hàn. Ọ̀pọ̀ ìjọba ìbílẹ̀ kúkú gba àwọn ilé sinimá náà sọ́wọ́ ara wọn, owó tí ó ń wọlé sì ń di ti ìlú. Ní Oslo, tí í ṣe olú-ìlú, owó sinimá ni wọ́n fi kọ́ ilé tí wọ́n kó àwọn àwòrán Edvard Munch sí, ayàwòrán wọn tí òkìkí rẹ̀ kàn ká ayé. Ọdún 1963 ni wọ́n ṣí ilé náà. Àwọn ìjọba ìbílẹ̀ yìí kan náà ni wọ́n ti para pọ̀ dá ilé-iṣẹ́ Norsk Film sílẹ̀ ní ọdún 1932. Nígbà tí ó sì di àwọn ọdún 1950, ìjọba àpapọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ran àwọn tí ń ṣe fíìmù lọ́wọ́, ṣùgbọ́n owó tí àwọn òǹwòran bá san lẹ́nu ọ̀nà ni wọ́n fi ń wọn ìrànlọ́wọ́ náà.

Ibẹ̀ ni wàhálà wà. Ẹni tí èrò bá wo fíìmù rẹ̀ ni owó yóò tún lọ bá. Ẹni tí ó bá fẹ́ dán ohun tí ẹnikẹ́ni kò ṣe rí wò, òun nìkan ni yóò ru ẹrù rẹ̀. Ohun tí àwọn aráàlú sì ń fẹ́ kò fara sin. Wọ́n fẹ́ràn ìtàn ogun tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ jà tán, irú èyí tí Arne Skouen ṣe ní ọdún 1957 nípa ọkùnrin kan tí ó sá mọ́ àwọn Jámánì lọ́wọ́ nínú yìnyín. Wọ́n fẹ́ràn eré apanilẹ́rìn-ín. Ní ọdún 1959 gan-an, Edith Carlmar, obìnrin àkọ́kọ́ tí ó darí fíìmù ní orílẹ̀-èdè náà, gbé fíìmù kan jáde tí ó mú Liv Ullmann, tí ó padà di ìlú-mọ̀ọ́ká, wá sí ojú ayé. Àwọn fíìmù wọ̀nyí dára, ìtàn wọn sì máa ń lọ tààrà láti orí dé ìdí.

Ní ọdún yẹn kan náà ni Løchen gbé tirẹ̀ dé. Jakten ni orúkọ rẹ̀, ìyẹn Ìṣọdẹ.

Bí ènìyàn bá fẹ́ sọ ìtàn inú rẹ̀, gbólóhùn méjì ti tó. Tọkọtaya kan lọ ṣọdẹ ẹyẹ kan tí ó fara jọ àparò ní orí òkè tí kò ní igi, wọ́n sì mú ọkùnrin kan dání. Obìnrin náà àti ọkùnrin yìí ti fẹ́ra rí. Ènìyàn mẹ́ta, ìbọn lọ́wọ́, owú nínú, kò sí ẹlòmíràn nítòsí tí yóò là wọ́n. Rolf Søder, Benedikte Liseth àti Tor Stokke ni àwọn òṣèré tí ó gbé eré náà. Àwòrán dúdú àti funfun ni wọ́n fi yà á, òkè náà sì gbòòrò débi pé àwọn ènìyàn inú rẹ̀ a máa kéré lójú.

Bí irú ìtàn yìí bá bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn, ohun tí yóò máa dùn mọ́ òǹwòran ni pé, ta ni yóò yìnbọn, ta ni yóò sì kú. Løchen kò fi bẹ́ẹ̀ tẹ̀lé ìyẹn. Ó fi asọ̀tàn kan sínú fíìmù, ohùn ẹni tí a kò rí. Èyí kì í ṣe tuntun, wọ́n ti ń ṣe é tipẹ́. Ohun tí ó jẹ́ tuntun ni pé asọ̀tàn náà ń bá àwọn ènìyàn inú fíìmù sọ̀rọ̀, àwọn náà sì ń dá a lóhùn. Yóò bi wọ́n léèrè ohun tí ó wà lọ́kàn wọn, wọn yóò yíjú sí kámẹ́rà, wọn yóò máa wí àwíjàre bí ẹni tí ó dúró níwájú adájọ́. Lẹ́yìn náà ni wọn yóò tún padà sínú ìtàn bí ẹni pé kò sí ohun tí ó ṣẹlẹ̀. Ẹni tí ó bá ti jókòó nídìí àlọ́ rí, tí ó mọ̀ pé apàlọ́ lè dá ìtàn dúró kí ó kọjú sí àwọn ọmọdé, kò ní rí i bí ohun àjèjì. Ṣùgbọ́n ní ilé sinimá ọdún 1959, níbi tí wọ́n ti kọ́ gbogbo òṣèré pé wọn kò gbọdọ̀ wo ojú kámẹ́rà, ó ya ni lẹ́nu.

Àkókò pàápàá kò dúró sójú kan nínú fíìmù yìí. Ohun tí ó ti kọjá a máa já wọ inú ohun tí ń lọ lọ́wọ́. Ẹnìkan lè máa rìn lórí òkè, kí a sì bá a nínú ìlú ní àkókò mìíràn, láìsí pé ẹnikẹ́ni kìlọ̀ fún òǹwòran. Bẹ́ẹ̀ náà sì ni ọkàn ènìyàn rí. Ẹni tí ó ń jowú kì í ronú ní ẹsẹ-ẹsẹ. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn lè gún un lọ́kàn lónìí bí ẹni pé ìṣẹ́jú yìí ni ó ṣẹlẹ̀. Ohun tí ó wà lọ́kàn ni Løchen fẹ́ yà, ó sì yà á.

Lákòókò yìí, àwọn ọ̀dọ́ kan ní ilẹ̀ Faransé náà ti ń da ètò fíìmù rú. Ọdún 1959 kan náà ni Alain Resnais gbé fíìmù rẹ̀ jáde nípa ìlú Hiroshima, tí ìrántí àti ìgbà ìsinsìnyí wọnú ara wọn. Nítorí náà ni àwọn kan ṣe máa ń sọ pé Løchen tẹ̀lé àwọn ará Faransé. Ìyẹn kò lè rí bẹ́ẹ̀ tán. Ọdún kan náà ni iṣẹ́ wọn dé, kò sì sí bí ẹni tí ó wà lórí òkè Norway ṣe lè ṣe àwòkọ ohun tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé jáde ní Paris.

Ní ọdún 1960, wọ́n mú Jakten lọ sí àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé, láti bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ káàkiri àgbáyé díje. Ọdún tí ó nira ni ọdún náà. Federico Fellini ará Ítálì wà níbẹ̀ pẹ̀lú La Dolce Vita, òun ni ó sì gba ẹ̀bùn tí ó ga jù. Ingmar Bergman ará Sweden, aládùúgbò Norway, wà níbẹ̀. Michelangelo Antonioni, ará Ítálì mìíràn, gbé fíìmù kan wá tí àwọn òǹwòran fi ariwo bú, kí àwọn adájọ́ tó fún un lẹ́bùn tirẹ̀. Láàárín àwọn erin wọ̀nyí ni fíìmù ọmọ Norway náà dúró sí. Kò gba ẹ̀bùn, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó lè sọ pé kò yẹ kí ó wà níbẹ̀.

Ènìyàn yóò rò pé lẹ́yìn èyí ni iṣẹ́ yóò máa wá lọ́tùn-ún lósì. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1960 yẹn náà ni wọ́n ṣí ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán ní Norway, èyí tí ó ń kó àwọn òǹwòran padà sílé. Ọdún mẹ́tàlá ni ó fi wà láàárín fíìmù àkọ́kọ́ àti èkejì. Ó ń bá iṣẹ́ ABC-Film lọ, ó ń kọ ìtàn fíìmù fún àwọn olùdarí mìíràn. Ọ̀pọ̀ ẹni tí wọ́n bá fi irú ọdún bẹ́ẹ̀ dá lẹ́kun yóò ti rọ̀, yóò ní kí òun náà ṣe ohun tí ọjà ń fẹ́. Nígbà tí Løchen fi máa tún fara hàn, ohun tí ó gbé wá tún le ju ti àkọ́kọ́ lọ.

Motforestilling ni ó pe fíìmù kejì. Nínú èdè Norway, ọ̀rọ̀ yìí túmọ̀ sí àtakò, ohun tí ènìyàn wí láti fi hàn pé òun kò fara mọ́ ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá gé e sí méjì, ìdajì àkọ́kọ́ túmọ̀ sí lòdì sí, ìdajì kejì sì túmọ̀ sí eré tí wọ́n ń ṣe fún aráàlú wò. Orúkọ náà ti wí tán: eré tí ó ń tako eré. Àwọn tí ń ṣe fíìmù ni fíìmù náà dá lé lórí, bí wọ́n ṣe ń gbìyànjú láti ṣe fíìmù òṣèlú kan. Ọdún 1972 yẹn gan-an ni àwọn ará Norway dìbò bóyá kí wọ́n wọ ẹgbẹ́ àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù, tí ìpín 53.5 nínú ọgọ́rùn-ún sọ pé rárá. Àríyànjiyàn òṣèlú gbóná nílé àti níta.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe òṣèlú ni ó sọ fíìmù náà di àrà. Àwọn àgbà tí wọ́n wo sinimá láyé ọjọ́un mọ̀ pé fíìmù kì í wá ní odidi. Ó máa ń wà ní róòlù, ọ̀já gígùn tí wọ́n ká jọ bí okùn sínú agolo pẹlẹbẹ. Róòlù tí ó gùn tó ẹgbẹ̀ta mítà kì í lò ju bí ìṣẹ́jú méjìlélógún lọ. Bí ọ̀kan bá tán, ẹni tí ń yí ẹ̀rọ yóò gbé èyí tí ó tẹ̀ lé e sí i. Wọ́n ti kọ nọ́ńbà sára wọn, nítorí bí ó bá ṣèèṣì gbé ìkẹrin ṣáájú ìkejì, òkú yóò jí, ìyàwó yóò bímọ kí ó tó lọ sílé ọkọ, àwọn èrò yóò sì bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo.

Àṣìṣe tí gbogbo ẹni tí ń yí ẹ̀rọ ń sá fún yìí ni Løchen sọ di ọ̀nà iṣẹ́. Róòlù márùn-ún ni fíìmù rẹ̀, ó sì ṣe é débi pé èyíkéyìí lè ṣáájú, èyíkéyìí lè kẹ́yìn. Ẹ jẹ́ kí a ṣírò rẹ̀. Márùn-ún ni a lè mú ọ̀kan nínú wọn fi bẹ̀rẹ̀. Mẹ́rin ni yóò kù tí a óò ti mú ìkejì, mẹ́ta tí a óò ti mú ìkẹta, méjì tí a óò ti mú ìkẹrin, ọ̀kan tí ó kù yóò sì kẹ́yìn. Bí a bá sọ wọ́n di púpọ̀, ọ̀nà 120 ni ó jẹ́. Ẹni tí ó bá ń wo ọ̀nà kan lójoojúmọ́ yóò lo oṣù mẹ́rin kí ó tó wo gbogbo rẹ̀ tán.

Kò rọrùn láti ṣe. Kò lè sí ohun tí róòlù kan yóò bẹ̀rẹ̀ tí òmíràn gbọ́dọ̀ parí. Kò lè sí ẹni tí a kò ní mọ̀ àfi bí a bá ti rí i tẹ́lẹ̀. Ìlẹ̀kùn márùn-ún ni gbogbo rẹ̀, olúkúlùkù wọn sì gbọ́dọ̀ lè jẹ́ ẹnu ọ̀nà àbáwọlé àti ẹnu ọ̀nà àbájáde.

Kí ni ó tilẹ̀ fẹ́ fi ìyẹn ṣe? Ìdáhùn rẹ̀ wà nínú bí ìtàn ṣe ń ṣiṣẹ́ lára ènìyàn. Bí a bá kọ́kọ́ rí ọkùnrin kan tí ó ń sunkún, àánú rẹ̀ yóò ṣe wá, bí a bá sì wá rí i lẹ́yìn náà pé ó ti lu ẹnìkan, a óò máa wá àwáwí fún un. Bí ó bá jẹ́ pé lílù náà ni a kọ́kọ́ rí, omi ojú rẹ̀ yóò dà bí ti ọ̀nì. Ohun kan náà ni a rí nínú méjèèjì, ètò rẹ̀ ni ó yàtọ̀. Ẹni tí ó bá ń to ìtàn ni ó ń dájọ́, àwọn tí ó jókòó nínú òkùnkùn kò sì mọ̀ pé wọ́n ti bá wọn dá ẹjọ́ náà tán. Agbára ńlá ni èyí. Àwọn Jámánì tí ó gba ilẹ̀ Norway nígbà èwe rẹ̀ mọ agbára yìí dáadáa, wọ́n sì lò ó. Løchen gbé agbára náà sílẹ̀ lọ́wọ́ ara rẹ̀, ó ní kí ẹni tí ń yí ẹ̀rọ mú èyí tí ó bá wù ú. Bí orin jáàsì, ohun èlò kan náà, alẹ́ òní kò bá ti àná mu.

Kì í ṣe òun nìkan ni ó ń ronú bẹ́ẹ̀ láyé ìgbà náà. Ní ọdún 1969, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan, B. S. Johnson, ti tẹ ìwé kan jáde tí abala rẹ̀ jẹ́ 27, tí wọn kò dì pọ̀, tí wọ́n kàn kó sínú àpótí. Àfi ti ìbẹ̀rẹ̀ àti ti ìparí, òǹkàwé lè ka ìyókù bí ó bá ṣe wù ú. Løchen kò tilẹ̀ dá ti ìbẹ̀rẹ̀ àti ti ìparí sí.

Kí a sọ òtítọ́, fíìmù kejì yìí kò dùn ún wò tó ti àkọ́kọ́. Ọ̀rọ̀ pọ̀ nínú rẹ̀, òǹwòran kò sì rí ìtàn tí yóò dì mú. Ó tún ní àléébù kan tí kò sí bí ẹni tí ó ṣe é ṣe lè yẹ̀ ẹ́: ẹni tí ó sanwó wọlé lẹ́ẹ̀kan, ọ̀nà kan péré ni yóò rí. Àwọn 119 yòókù, ìròyìn ni yóò gbọ́. Nígbà tí ayé sì ti kúrò ní orí róòlù lónìí, ẹni tí ó bá da irú fíìmù bẹ́ẹ̀ sórí díìsìkì yóò ní láti fi ọgbọ́n kún un kí ó má bàa dúró sójú kan. Síbẹ̀, nínú méjèèjì, Jakten ni àwọn ènìyàn ń fẹ́ràn, Motforestilling ni àwọn tí ń ṣe fíìmù ń sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, wọ́n fi Løchen ṣe olórí ètò iṣẹ́ ọnà ní Norsk Film, ilé-iṣẹ́ àwọn ìjọba ìbílẹ̀ náà. Ẹni tí ó ti wà níta ẹnu ọ̀nà fún ìgbà pípẹ́ ni wọ́n wá fi kọ́kọ́rọ́ lé lọ́wọ́. Ipò náà kò pẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ tí ikú fi dé ní ọdún 1983. Ní ti Norsk Film fúnra rẹ̀, ọdún 2001 ni wọ́n tì í.

Iṣẹ́ náà kò kúrò nínú ẹbí. Ọmọbìnrin rẹ̀ di ẹni tí ń ṣe fíìmù, ó sì fẹ́ ọkùnrin tí iṣẹ́ tirẹ̀ jẹ́ gbígba ohùn sínú fíìmù. Joachim Trier ni ọmọ tí wọ́n bí ní ọdún 1974, kò sì tíì pé ọmọ ọdún mẹ́wàá nígbà tí bàbá àgbà náà kú. Nígbà tí òun náà gbé fíìmù àkọ́kọ́ rẹ̀ tí ó gùn jáde ní ọdún 2006, tí ó pè ní Reprise, asọ̀tàn kan wà nínú rẹ̀ tí ó kọ́kọ́ ń ròyìn ohun tí ì bá ti ṣẹlẹ̀, kí ó tó wá ròyìn ohun tí ó ṣẹlẹ̀. Èyí tí ó ṣe ní ọdún 2021 pín sí abala 12, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ ìṣáájú àti ọ̀rọ̀ ìkẹ́yìn, bí ìwé.

Ní oṣù karùn-ún ọdún 2025, Trier mú fíìmù kan lọ sí Cannes nípa bàbá kan tí ó jẹ́ olùdarí fíìmù, àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ méjì, àti ilé kan tí ìyà ogun Jámánì ṣì ń hàn nínú rẹ̀. Ẹ̀bùn kejì sí èyí tí ó ga jù ni àwọn adájọ́ fún un. Níbẹ̀ ni ó ti dárúkọ bàbá àgbà rẹ̀ fún àwọn tí ó péjọ, ẹni tí ọwọ́ tẹ̀ nígbà ogun, tí fíìmù rẹ̀ sì ti wá sí ibi kan náà ní ọdún márùndínláàádọ́rin sẹ́yìn.